Omi Ló Ń Wó Ilé Àtijọ́

Bí o bá gba ọ̀nà márosẹ̀ tí wọ́n ṣí ní ọdún 2015 kúrò ní Abidjan, tí o kọjú sí ìlà-oòrùn, nǹkan bíi kìlómítà 40 ni wàá rìn kí o tó dé Grand-Bassam. Òpin ọ̀sẹ̀ ni àwọn ará Abidjan máa ń ya lọ síbẹ̀. Wọ́n á wẹ̀ lókun, wọ́n á jẹ ẹja yíyan pẹ̀lú attiéké, wọ́n á ra aṣọ àti ère lọ́wọ́ àwọn tó pàtẹ sẹ́gbẹ̀ẹ́ títì. Bí ilẹ̀ bá ṣú, wọ́n á padà sílé. Àdúgbò tí wọ́n ń gbà kọjá lọ sí etí òkun, tí wọ́n ń pè ní Quartier France, òun ni olú ìlú àkọ́kọ́ tí Côte d'Ivoire ní. Lójú Boulevard Treich-Laplène àti àwọn òpópónà tó yí i ká, ilé wà níbẹ̀ tí igi ti hù nínú pálọ̀ rẹ̀, tó sì ti yọ orí lójú fèrèsé. Ilé mìíràn wà tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ kùn, tó ń dán gbinrin. Ó ṣeé ṣe kí wọ́n jẹ́ ẹgbẹ́, kí ó jẹ́ pé ọ̀wọ́ bírìkìlà kan náà ló kọ́ wọn. Kí ló dé tí ọ̀kan fi dúró, tí èkejì sì ń kú lọ?

Bírìkìlà ni mí, ilé àtijọ́ sì ni mo ń tún ṣe jù. Láti Ejigbo ni àwọn òbí mi ti wá sí Abidjan, bíi ti ọ̀pọ̀ nínú àwa tí wọ́n ń pè ní Anango níbí. Àwọn ará wa ti ń wá sí orílẹ̀-èdè yìí láti ìbẹ̀rẹ̀ ọgọ́rùn-ún ọdún ogún, ọjà títà sì ni èyí tó pọ̀ jù nínú wọn gbé dání. Iṣẹ́ símẹ́ǹtì ni bàbá mi yàn ní tirẹ̀, ẹ̀yìn rẹ̀ ni mo sì tẹ̀lé. Ohun tí mo bá sọ níhìn-ín, ẹni tó ti fi ọwọ́ kan ògiri ló ń sọ ọ́.

Ọjọ́ 10, oṣù kẹta, ọdún 1893 ni ìjọba Faransé ya Côte d'Ivoire sọ́tọ̀ ní ilẹ̀ àkóso tó dá dúró. Louis-Gustave Binger ni gómìnà àkọ́kọ́, Grand-Bassam sì ni ibùjókòó rẹ̀. Àwọn N'zima ti wà níbẹ̀ kí Òyìnbó tó dé. Abúlé apẹja wọn ṣì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ àdúgbò náà títí dòní, ọdọọdún ni wọ́n sì ń ṣe ọdún Abissa wọn. Ilẹ̀ tóóró ni ilẹ̀ náà, òkun ń bẹ lápá kan, ọ̀sà Ouladine lápá kejì. Òyìnbó sì pín in sí ọ̀nà mẹ́rin: ibi ìjọba, ibi òwò, ibi tí Òyìnbó ń gbé, ibi tí ènìyàn dúdú ń gbé. Ní ti ààfin gómìnà tí wọ́n gbé nàró ní 1893, ilẹ̀ Faransé ni wọ́n ti rọ egungun irin rẹ̀. Wọ́n kó o sínú ọkọ̀ òkun, wọ́n wá tò ó pọ̀ lórí yanrìn Bassam. Ilé ìṣẹ̀ǹbáyé aṣọ, Musée National du Costume, ló wà nínú rẹ̀ báyìí.

Àǹfààní olú ìlú náà kò pẹ́. Ní 1899, ibà pọ́njú jà, ó pa Òyìnbó lọ rẹpẹtẹ. Nígbà tó di 1900, wọ́n kó ìjọba lọ sí Bingerville, lórí òkè, nítorí wọ́n gbà pé afẹ́fẹ́ búburú etí omi ló ń pa wọ́n. Ọdún yẹn gan-an ni àwọn dókítà ológun Amẹ́ríkà ní Cuba ń fi ìdí rẹ̀ múlẹ̀ pé ẹ̀fọn ló ń gbé ibà náà kiri. Ìjọba lọ, ṣùgbọ́n àwọn oníṣòwò kò bá a lọ. Ní 1901, wọ́n ri afárá irin gígùn kan wọnú òkun, wharf ni wọ́n ń pè é, kí wọ́n lè máa já ẹrù láìkó ọkọ̀ ojú omi kéékèèké sẹ́nu ìgbì. Owó tún wọ Bassam padà. Ìdí nìyẹn tí ọ̀pọ̀ nínú ilé tí à ń wò lónìí fi jẹ́ ilé tí wọ́n kọ́ lẹ́yìn tí olú ìlú ti ṣí lọ: ilé àwọn oníṣòwò Faransé, ti àwọn tó wá láti Lẹ́bánónì àti agbègbè rẹ̀, àti ti àwọn ọmọ ilẹ̀ tí ọwọ́ wọn tẹ́nu. Nígbà tí Abidjan wá di olú ìlú ní 1934, tí wọ́n sì la ipa omi Vridi ní 1950 kí ọkọ̀ ńláńlá lè wọ inú ọ̀sà, òwò ṣí lọ pátápátá, Bassam sì dákẹ́.

Mo máa ń sọ fún àwọn ọmọ iṣẹ́ mi pé òṣì Bassam ló kọ́kọ́ dá àwọn ilé yìí sí. Ibi tí owó bá wà, wọ́n á wó ilé àná láti kọ́ ti òní, bí wọ́n ṣe ṣe ní Plateau ní Abidjan níhìn-ín. Kò sí ẹni tó ní owó ìwólé ní Bassam lẹ́yìn 1950. Bẹ́ẹ̀ náà ni kò sí ẹni tó ní owó páànù.

Ẹni tí kò bá mọ bí ilé wọ̀nyí ṣe ń ṣiṣẹ́ yóò rò pé ẹ̀ṣọ́ lásán ni ọ̀pọ̀ nǹkan tó wà lára wọn. Wo ọ̀dẹ̀dẹ̀ tó yí ilé po, nísàlẹ̀ àti lókè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì. Iṣẹ́ rẹ̀ ni kí oòrùn má kan ògiri yàrá, kí òjò má sì kàn án. Ògiri tí oòrùn kò kàn kì í gbóná, ẹni tó wà nínú yàrá á sì rí oorun sùn. Ìlẹ̀kùn kọjú sí ìlẹ̀kùn, fèrèsé kọjú sí fèrèsé, kí atẹ́gùn òkun lè gba àárín ilé já sí ọ̀hún. Pákó pẹlẹbẹ ni wọ́n tò sójú fèrèsé lẹ́sẹẹsẹ, wọ́n dà á gẹ̀rẹ̀ díẹ̀, tí atẹ́gùn fi ń wọlé tí òjò kò sì rí àyè wọlé. Wọ́n gbé ilẹ̀ yàrá ga kúrò lórí yanrìn nítorí ọ̀rinrin. Àjà ga, nítorí ooru a máa gòkè. Kò sí èyí tí a lè yọ kúrò nínú gbogbo rẹ̀ tí ilé kò ní mọ̀ ọ́n lára.

Ohun àkọ́kọ́ tí àwọn tó ń gba ilé bẹ́ẹ̀ lónìí máa ń ṣe ni pé wọ́n á fi búlọ́ọ̀kù dí ọ̀dẹ̀dẹ̀ kí wọ́n lè rí yàrá méjì sí i tí wọ́n á fi gba owó ilé. Mi ò bá wọn jà, nítorí mo mọ ohun tí ebi jẹ́. Ṣùgbọ́n láti ọjọ́ náà lọ, atẹ́gùn kò ní ọ̀nà mọ́, yàrá àárín á ṣókùnkùn, èébu á bẹ̀rẹ̀ sí í hù lára ògiri. Wọ́n á wá ra ẹ̀rọ amúlétutù tí owó iná rẹ̀ yóò jẹ owó ilé tí wọ́n ń wá tán.

Àwọn ènìyàn wa kì í ṣe àjèjì sí irú ilé báyìí. Ẹni tó bá ti rìn ní Campos tàbí Bamgbose Street ní Erékùṣù Èkó, tàbí tó ti dé àdúgbò àwọn Àgùdà ní Porto-Novo, ti rí àwọn ìbátan wọn. Àwọn Àgùdà tó ti Bùràsíìlì àti Cuba padà wálé ló kó iṣẹ́ náà wá sí etí òkun wa. João Baptista da Costa, ọ̀kan nínú wọn, ló wà nídìí kíkọ́ mọ́sálásí Shitta-Bey ní Martins Street, èyí tí wọ́n ṣí ní 1894. Ọ̀gá tó kọ́ mi ní iṣẹ́ ẹfun jẹ́ ọmọ Porto-Novo, ọ̀dọ̀ bírìkìlà Àgùdà ni òun náà sì ti kọ́ ọ. Kí n tó dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, símẹ́ǹtì nìkan ni mo mọ̀, bíi ti gbogbo ẹgbẹ́ mi.

Ẹfun tí mò ń sọ yàtọ̀ sí èyí tí àwọn elégbòogi ń tà. Òkúta ẹfun tàbí ìkarahun ni wọ́n ń sun nínú iná gbígbóná títí yóò fi yípadà. Chaux ni àwa oníṣẹ́ ń pè é ní Abidjan, bí àwọn Faransé ṣe ń pè é. Bí o bá bu omi sí i, á hó yaya, èéfín á máa rú lórí rẹ̀, bó bá sì ta sí ènìyàn lójú, ọ̀ràn dé. A máa ń rọ ọ́ sínú kòtò, omi á bò ó mọ́lẹ̀, a ó sì fi í sílẹ̀ fún oṣù mélòó kan. Bó bá ṣe ń pẹ́ tó ló ń kúnná tó, tó sì ń lẹ̀ tó. Ìwọ̀n ẹfun kan sí ìwọ̀n yanrìn mẹ́ta ni à ń pò. Yanrìn odò ni mo ń lò, mi ò jẹ́ lo ti òkun, nítorí iyọ̀ rẹ̀. Fẹ́ẹ́rẹ́ ni a ń rẹ́ ẹ, a ó dúró kí ó gbẹ, a ó tún rẹ́ òmíràn lé e. Nígbà ọ̀gbẹlẹ̀, a ó fi àpò tútù bo ògiri kí oòrùn má baà sáré gbẹ ẹ́. Afẹ́fẹ́ ló ń sọ ẹfun di òkúta padà, afẹ́fẹ́ kì í sì í kánjú. Ibi tí oníṣẹ́ símẹ́ǹtì ti parí lọ́jọ́ méjì, ọ̀sẹ̀ méjì ló lè gba oníṣẹ́ ẹfun. Ìdí tí onílé fi ń sá fún un nìyẹn.

Ṣùgbọ́n bíríkì àtijọ́ rọ̀, inú rẹ̀ sì kún fún ihò tíntìntín. Omi ń gun ún láti inú ilẹ̀, omi ń bá atẹ́gùn òkun wọ inú rẹ̀. Ẹfun gbà kí omi náà tún jáde, símẹ́ǹtì kò gbà. Bí o bá fi símẹ́ǹtì rẹ́ ògiri bẹ́ẹ̀, ojú rẹ̀ á dán fún ọdún méjì, mẹ́ta. Onílé á yọ̀, á san owó iṣẹ́. Omi tó há sínú ògiri kò ní rí ibi gbà jáde mọ́, á máa gòkè sí i. Iyọ̀ tó bá a wọlé á dì sẹ́yìn símẹ́ǹtì, á máa wú, á sì máa ti ojú bíríkì fọ́.

Mo tú irú ògiri kan ní ilé oníṣòwò àtijọ́ kan ní Bassam. Kí n tó tú u, mo fi ìdí òòlù kàn án lọ láti ìsàlẹ̀ dé òkè. Níbi tó ti dún kíkan, ó ṣì lẹ̀ mọ́ ara. Níbi tó ti dún gbọ̀ngbọ̀n bí àgbá òfìfo, ó ti kúrò lára ògiri láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni mọ̀. Símẹ́ǹtì náà já bọ́ ní abala ńláńlá, ó le koko bíi pé àná ni wọ́n rẹ́ ẹ. Bíríkì tó wà lẹ́yìn rẹ̀ ti di ìyẹ̀fun pupa. Mo fi ìka ìlábẹ̀ họ ọ́, ìka náà sì wọlé dé oríkèé kejì. Iyọ̀ funfun bo gbogbo ibẹ̀. Ìyá àgbà tó ni ilé náà dúró tì mí, ó sì ń ké pé àwọn ṣẹ̀ṣẹ̀ tún un ṣe ni, pé owó ńlá ni àwọn ná. Òótọ́ ló sọ. Owó tí ìdílé fi ayọ̀ ná ló ti ń jẹ ògiri wọn láti ẹ̀yìn.

Kì í ṣe gbogbo ilé tó wà lójú òpópónà yẹn ni wọ́n fi ẹfun kọ́. Símẹ́ǹtì àti irin wà nínú àwọn tó dé kẹ́yìn, àìsàn tiwọn sì yàtọ̀. Iyọ̀ òkun wọ inú kankéré, ó bá irin, irin dípẹtà. Irin tó bá dípẹtà a máa wú, kankéré tó bò ó á sì là gbooro. Ẹ ó rí irú rẹ̀ lábẹ́ àwọn ọ̀dẹ̀dẹ̀ òkè tí irin ti hàn síta. Kíkùn ún kò wúlò níbẹ̀. Irin náà ni a gbọ́dọ̀ dé ìdí rẹ̀, kí a ha ìpẹtà rẹ̀ tán, tàbí kí a pààrọ̀ rẹ̀.

Òrùlé ni mo fẹ́ kí onílé mọ̀ ju gbogbo èyí lọ. Wo bí ilé pẹ̀tẹ́ẹ̀sì ṣe ń kú. Ìjì ká páànù kan kúrò, kò sí ẹni tó gun òkè lọ wò ó. Òjò ń wọ inú àjà. Orí àwọn ìtì igi tí wọ́n tẹ̀ sínú ògiri, tó gbé ilẹ̀ pẹ̀tẹ́ẹ̀sì dúró, ibẹ̀ ni omi ń gbárajọ sí, ibẹ̀ ni igi ti ń kọ́kọ́ rà. Lọ́jọ́ kan ilẹ̀ òkè á wó. Ilẹ̀ òkè yẹn ló sì ń di ògiri òsì mọ́ ti ọ̀tún. Bí kò bá sí mọ́, ògiri tó ga bẹ́ẹ̀ á dá dúró láìní alátìlẹ́yìn, á bẹ̀rẹ̀ sí í fì síta. Ẹyẹ á yàgbẹ́ sórí rẹ̀, èso ọ̀dán á hù, gbòǹgbò á wọ inú ẹfun lọ wá omi. Ó lè máà ju òjò ọdún mẹ́wàá lọ. Ilé tó ti fara da ọgọ́rùn-ún ọdún, páànù kan ló pa á. Bí ẹ bá sì rí ọ̀dán lára ògiri, ẹ má fà á tu, nítorí bíríkì ni yóò bá a jáde. Ẹ gé e, kí ẹ jẹ́ kí gbòǹgbò rẹ̀ kú sínú, kí a tó wá di ojú ihò náà.

Omi tó ń ti ìsàlẹ̀ wá náà kò gbẹ́yìn. Ní oṣù kẹwàá ọdún 2019, ọ̀sà àti odò Comoé kún ya wọ Bassam, nítorí yanrìn ti dí ẹnu tí odò náà ń gbà já sókun. Omi dúró nínú ilé. Lẹ́yìn tó fà, àwọn ilé tí wọ́n fi símẹ́ǹtì rẹ́ kò gbẹ títí ọ̀gbẹlẹ̀ fi kọjá.

Ẹni kan lè bi mí pé kí ló kan ọmọ Yorùbá nínú ilé Òyìnbó. Àwọn kan nínú àwọn ará wa ti bi mí bẹ́ẹ̀, ìbéèrè gidi sì ni. Ìdáhùn mi ni pé ilé náà kì í ṣe ti Òyìnbó nìkan. Ọjọ́ 6, oṣù kejì, ọdún 1949, rògbòdìyàn ṣẹlẹ̀ ní Treichville ní Abidjan. Ìjọba Faransé mú àwọn aṣáájú ẹgbẹ́ PDCI-RDA tó ń jà fún ẹ̀tọ́ ọmọ ilẹ̀, wọ́n sì kó wọn lọ sí ẹ̀wọ̀n Grand-Bassam. Bernard Dadié, òǹkọ̀wé ńlá tó di olóògbé ní 2019, wà lára wọn. Jean-Baptiste Mockey àti Mathieu Ekra náà wà níbẹ̀. Albert Paraïso àti Philippe Vieyra sì wà lára wọn, orúkọ méjì tí ẹnikẹ́ni tó bá mọ Porto-Novo mọ̀ pé orúkọ ìdílé Àgùdà ni. Ní oṣù kejìlá ọdún 1949 yẹn, àwọn obìnrin dìde ní Abidjan láti lọ béèrè pé kí wọ́n dá àwọn ẹlẹ́wọ̀n náà sílẹ̀, Marie Koré àti Anne-Marie Raggi wà lára àwọn aṣáájú wọn. Ìjọba dí ọ̀nà ọkọ̀ mọ́ wọn, wọ́n fi ẹsẹ̀ rìn. Ọjọ́ 24 ni wọ́n kò àwọn ológun lójú ní Bassam. Àwọn ológun fi omi lé wọn, wọ́n yin tajútajú lù wọ́n, wọ́n sì nà wọ́n. Pont de la Victoire ni wọ́n ń pe afárá tó kọjá lórí ọ̀sà náà títí di òní.

Nítorí náà, bí mo bá dúró níwájú ògiri kan ní Quartier France, mo mọ̀ pé ọwọ́ ènìyàn dúdú ló mọ ọ́n, orí ènìyàn dúdú ló ru òkúta àti yanrìn rẹ̀, níwájú rẹ̀ sì ni àwọn ìyá wa ti béèrè ẹ̀tọ́. Ẹni tó ni ìwé ilẹ̀ nígbà náà kò tó láti sọ ọ́ di àjèjì sí wa.

Ní 2012, UNESCO fi ìlú àtijọ́ Grand-Bassam sínú àkójọ ohun àjogúnbá gbogbo ayé, abúlé àwọn N'zima náà sì wà nínú rẹ̀. Inú wa dùn. Ìjọba tún díẹ̀ nínú àwọn ilé rẹ̀ ṣe. Ilé ìfìwéránṣẹ́ àti kọ́sítọ́ọ̀mù àtijọ́ ti di Maison du Patrimoine Culturel, iṣẹ́ tó dára ni wọ́n sì ṣe níbẹ̀. Ṣùgbọ́n ìwé àṣẹ kò lè gun òrùlé. Ọ̀pọ̀ nínú ilé tó kù jẹ́ ti ẹbí, àwọn kan nínú ẹbí náà wà ní Paris, àwọn kan ti kú láìpín ogún. Òfin sọ pé wọn kò gbọ́dọ̀ wó o, àpò wọn sì sọ pé wọn kò lè tún un ṣe. Láàárín méjèèjì ni òjò ti ń ráyè. Lẹ́yìn tí àwọn apániláyà pa ènìyàn ní etí òkun náà ní ọjọ́ 13, oṣù kẹta, ọdún 2016, àlejò dín, owó tí àwọn kan ń rí nídìí ilé wọn náà sì dín.

Ẹ̀yin ará Èkó mọ ibi tí irú èyí ń já sí. Casa do Fernandez, tí gbogbo yín mọ̀ sí Ilojo Bar, wà ní Tinubu Square láti nǹkan bí 1855. Ìjọba kéde rẹ̀ ní ohun ìrántí orílẹ̀-èdè ní 1956. Fún ọgọ́ta ọdún ni orúkọ yẹn fi wà lórí rẹ̀. Lọ́jọ́ Àìkú, ọjọ́ 11, oṣù kẹsàn-án, ọdún 2016, wọ́n wó o lulẹ̀. Mo gbọ́ ọ ní Abidjan, ó dùn mí gan-an, ó sì ṣì ń dùn mí, nítorí àwọn ọwọ́ tó kọ́ irú ilé yẹn ni iṣẹ́ tèmi ti ṣẹ̀ wá. Kò sí bírìkìlà tó lè dá a padà. Ohun tí wọ́n bá kọ́ síbẹ̀ lọ́la, tí ó bá tilẹ̀ jọ ọ́, ilé tuntun ni.

Ohun kan wà tó ń dùn mí ju ti Bassam lọ, mi ò sì gbọ́ kí ẹnikẹ́ni sọ ọ́. Treich-Laplène, Faransé tó kú ní 1890 tí wọ́n fi orúkọ rẹ̀ sọ òpópónà Bassam, orúkọ rẹ̀ náà ni wọ́n fún àdúgbò wa, Treichville, ní 1934. Anoumabo ni abúlé tó wà níbẹ̀ tẹ́lẹ̀. Treichville tí wọ́n là sílẹ̀ fún ènìyàn dúdú, wọn kò fún òpópónà rẹ̀ lórúkọ ènìyàn, nọ́ńbà ni wọ́n kọ sí wọn: Rue 12, Avenue 16, bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ lọ. Inú àwọn àgbàlá tó wà níbẹ̀ ni Anango, Hausa, Senegal, Dahomey àti àwọn ọmọ ilẹ̀ ti gbé papọ̀. Ẹnu ọ̀nà kan ni wọ́n ń gbà wọlé, yàrá tò yí àgbàlá po, ẹ̀rọ omi kan àti igi kan wà láàárín. Ibẹ̀ ni wọ́n ti ń ṣe ìsọmọlórúkọ, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń dá èésú, ibẹ̀ ni ọmọ Ejigbo tó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ti ń sùn lórí ẹní títí yóò fi rí iṣẹ́. Ní oṣù kẹwàá ọdún 1958, nígbà tí wọ́n lé àwọn ará Dahomey àti Togo kúrò ní Abidjan, ọ̀pọ̀ wọn fi ilé àti ẹrù sílẹ̀ nínú irú àgbàlá bẹ́ẹ̀. Kò sí UNESCO tó wá wò wọ́n. Ọ̀kọ̀ọ̀kan ni wọ́n ń wó, tí ilé alájà mẹ́fà ń dìde níbẹ̀. Ilé gómìnà ni ayé ń dá sí. Ilé tí gbogbo wa ti jáde wá, àwa fúnra wa là ń tà á.

Mi ò sọ pé kí ẹnikẹ́ni má tà. Ẹni tó ní ọmọ mẹ́wàá tó fẹ́ pín yàrá mẹ́rin, mi ò ní ọ̀rọ̀ ìbáwí fún un. Ohun tí mo ń bẹ̀ ẹ́ fún ni pé, kí katakata tó dé, kí ó pe ẹnì kan tó ní kámẹ́rà, kí wọ́n ya gbogbo yàrá, ẹnu ọ̀nà, ìdí ẹ̀rọ omi àti òrùlé. Kí wọ́n fi okùn wọn gígùn àti fífẹ̀ rẹ̀, kí wọ́n kọ orúkọ àwọn tó gbé yàrá kọ̀ọ̀kan. Ẹgbẹ́ ọmọ ìlú Ejigbo, Inisa, Ogbomoso àti Offa wà ní Abidjan, wọ́n ń ṣe ìpàdé, wọ́n ń dá owó, wọ́n sì ń kọ́ gbọ̀ngàn nílé. Iṣẹ́ àkọsílẹ̀ yìí kò ná wọn tó owó aṣọ ẹgbẹ́ ọdún kan.

Ẹ̀yin tí ẹ ṣì ní ilé àtijọ́ lọ́wọ́, ní Bassam, ní Treichville, ní Èkó, ní Porto-Novo, òjò ńlá Abidjan máa ń bẹ̀rẹ̀ ní oṣù kárùn-ún. Kí oṣù kẹrin tó tán, ẹ jẹ́ kí ẹnì kan gun òrùlé. Ẹ pààrọ̀ páànù tó ti jò, ẹ kó ewé kúrò nínú ọ̀nà omi. Bí owó bá kéré, ẹ ná an sórí òrùlé, kí ẹ fi ọ̀dà sílẹ̀ di ọdún mìíràn. Ẹ má jẹ́ kí wọ́n fi símẹ́ǹtì rẹ́ bíríkì tó ti pé ọgọ́rùn-ún ọdún. Ẹ má sì dí ọ̀dẹ̀dẹ̀.

Àwọn tó mọ iṣẹ́ ẹfun ní etí òkun yìí kò pọ̀ mọ́, àwọn tí mo mọ̀ nínú wọn sì ti dàgbà. Ọ̀gá mi ti kú. Bí ọmọ yín bá ń kọ́ iṣẹ́ bírìkìlà, ní Abidjan tàbí ní Èkó, ẹ sọ fún ọ̀gá rẹ̀ kí ó yọ̀ǹda rẹ̀ fún oṣù mélòó kan, kí ẹ sì mú un lọ sọ́dọ̀ ẹni tó lè kọ́ ọ ní ẹfun rírẹ́ nígbà tí wọ́n ṣì wà láyé.